Yunifásítì Orí Ẹní Kòkó

Bí mo bá gbóòórùn kòkó tí wọ́n ń sá, òórùn tó kan bí ọtí àná yẹn, ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, tí mo ń pè ní Sísì, ni mo máa ń rántí. Lánàá, lójú ọ̀nà Ìjan, mo ní kí awakọ̀ dúró, mo sì sunkún nínú ọkọ̀ bí ọmọdé.

Èmi àti Sísì mi ló ń ṣọ́ kòkó bàbá wa lọ́sàn-án ọjọ́ kan nígbà tí mo wà lọ́mọdé, ní Òkè-Ìlá, kí ewúrẹ́ má baà jẹ ẹ́. Oòrùn mú ganrínganrín, síbẹ̀ súwẹ́tà ni Sísì, tí àìsàn inú eegun ń bá jà, wọ̀. Ó ní aṣọ Yunifásítì Ìràwọ̀ àti Àkókò ni, pé òtútù pọ̀ lọ́hùn-ún. Ó ń fi hóró kòkó to ìràwọ̀ sórí ẹní, ó ń sọ bí aago ibẹ̀ ṣe máa ń yí sẹ́yìn, bí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ṣe ń já ìràwọ̀ jẹ bí àgbálùmọ̀, àti pé ẹni tó bá ti wọlé kì í dàgbà mọ́.

"Sísì, ẹ mú mi wọ ibẹ̀."

"Rárá. Àwa tí eegun ń dùn nìkan ni wọ́n ń gbà."

"Eegun ń dùn mí náà!"

Kíá ló fi ọwọ́ bò mí lẹ́nu. Ọwọ́ náà gbóná bí ìkòkò orí iná.

"O ò gbọdọ̀ sọ bẹ́ẹ̀ mọ́ láyé ẹ."

Èmi nìkan ló ṣọ́ kòkó ọdún tó tẹ̀ lé e.

Mo ti ní ọmọ-ọmọ báyìí, eegun àgbà sì ti ń dùn mí. Lọ́kàn mi, Sísì mi ṣì wọ súwẹ́tà nínú oòrùn, kò dàgbà rárá.