Wọ́n Ń Wádìí Baba Káàdì

Bó bá jẹ́ pé ìfura loògùn àgbà lóòótọ́, Baba Káàdì ti lo àlòjù. Kí i lẹ́ẹ̀mejì láàárọ̀ kan, á bi ara rẹ̀ pé kí lò ń wá. Ojú fèrèsé tí wọ́n ti ń pín káàdì nílé ìwòsàn ló ti ń ṣiṣẹ́, òun ló ń pe orúkọ àwọn aláìsàn. Ohùn rẹ̀ rinlẹ̀, ó sì tutù. Ọdún mọ́kànlélógún ló ti fi ń pe orúkọ olórúkọ, kò sì sẹ́ni tó ń dúró gbọ́ ohùn náà mọ́ bí wọ́n bá ti pe tirẹ̀.

Àfi obìnrin kan tí ẹsẹ̀ ń dùn. Àṣé òun ni ọ̀gá àwọn tó ń fi èdè wa sí fíìmù ìgbésí ayé Jésù, kó lè yé àwọn ìyá àgbà tí kò gbọ́ èdè àjèjì. Ó mú Baba Káàdì lọ sí yàrá kékeré kan tí wọ́n fi fóòmù bo ògiri rẹ̀, ó ní kó máa wo ẹnu ẹni tó ń ṣe Jésù: kí ọ̀rọ̀ tirẹ̀ bẹ̀rẹ̀ bí ẹnu yẹn bá là, kó sì parí bó bá pa dé. Nígbà kẹta, ó bọ́ sí i rẹ́gí. Inú Baba Káàdì dùn débi pé ó gbàgbé láti fura.

Ó rántí nígbà tí obìnrin náà ní àwọn máa kọ́kọ́ ṣèwádìí. Wọn kì í fẹ́ kí ẹni tó máa sọ̀rọ̀ Jésù jẹ́ oníjà, káwọn tó mọ̀ ọ́n má baà fi fíìmù ṣe yẹ̀yẹ́.

Ọ̀sẹ̀ méjì kọjá, kò gbọ́ nǹkan kan. Ìyá onílé rẹ́rìn-ín sí i, Baba Káàdì ní ẹ̀rín yẹn kì í ṣe lásán. Àwọn apòògùn dákẹ́ nígbà tó wọlé, ó ní òun ni wọ́n ń sọ. Ìyàwó rẹ̀ ní kó fọkàn balẹ̀, ló bá bẹ̀rẹ̀ sí fura sí ìyàwó. Ìgbà tó yá ni onígbàjámọ̀ àdúgbò sọ fún un pé àwọn méjì tó gbé fáìlì lọ́wọ́ ń béèrè ọ̀nà ilé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin.

Ọdún mẹ́fà rèé tí òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ò ti bá ara wọn sọ̀rọ̀. Baba Káàdì ló fẹ̀sùn kàn án pé ó mọ̀-ọ́n-mọ̀ fi àìsàn ìyá wọn pa mọ́ fún òun títí ìyá fi kú, ó sì ní kó má tẹ ilé òun mọ́. Ta ló tún kù tó máa ba òun jẹ́? Lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn gan-an ló forí lé ibẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n ń ká aṣọ tó sá. Baba Káàdì ò tiẹ̀ kí i.

"Ẹ̀gbọ́n mi, kí lẹ sọ fún wọn?"

"Òótọ́ ni mo sọ. Mo ní a kì í bá ara wa sọ̀rọ̀, ìwọ lo sì lé mi nílé ẹ."

"Mo mọ̀. Mo mọ̀ pé ẹ̀yin ni."

Ẹ̀gbọ́n ká aṣọ kan sí i. "Lẹ́yìn náà mo bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n gbà ẹ́. Wọ́n ní àwọn á gbé fíìmù náà wá sí ṣọ́ọ̀ṣì wa. Ọdún mẹ́fà ni mi ò ti gbọ́ ohùn ẹ. Kódà tó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ Jésù lò ń sọ, tí kì í ṣe èmi lò ń bá sọ̀rọ̀, màá jókòó gbọ́ ọ."

Baba Káàdì wo ojú rẹ̀, ó ń wá ibi tí ẹ̀tàn wà, kò rí i. Ìtìjú mú un. Ó lanu láti sọ̀rọ̀. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ gbé aṣọ sílẹ̀, ó tẹjú mọ́ ọn lẹ́nu, ó ń dúró.