Obìnrin Tó Ń Pa Okùn Rẹ́

Iṣẹ́ obìnrin yìí ni kí ó yọ ohun tí kò yẹ kí òǹwòran rí kúrò nínú fíìmù. Bí òṣèré bá ń fò láti òrùlé dé òrùlé, okùn ni wọ́n fi so ó níbàdí. Òun ni yóò jókòó ti kọ̀ǹpútà, tí yóò máa pa okùn náà rẹ́ láti àwòrán dé àwòrán, títí yóò fi dà bíi pé ẹni náà ní ìyẹ́. Apokùnrẹ́ ni wọ́n ń pè é níbi iṣẹ́.

Ìyá rẹ̀ a máa bi í pé, "Èwo gan-an ni tìrẹ nínú fíìmù yìí?"

"Màámi, èyí tẹ́ ẹ ò rí yẹn ni."

"Á jẹ́ pé iṣẹ́ iwin lò ń ṣe."

Òun náà ló fa àbúrò rẹ̀ ọkùnrin wọnú iṣẹ́ fíìmù. Ara ọmọ náà fúyẹ́ bí òwú. Òun ni í ṣubú dípò àwọn gbajúmọ̀ òṣèré, tí í bá wọn la iná kọjá. Àbúrò á so okùn mọ́ra, ẹ̀gbọ́n á pa á rẹ́.

Àfi ọjọ́ tí okùn já. Àbúrò já lulẹ̀ láti òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, ẹ̀yìn rẹ̀ ló fi balẹ̀. Ẹ̀mí ò bọ́, ṣùgbọ́n láti ìbàdí dé àtẹ́lẹsẹ̀, kò mọ nǹkan kan lára mọ́.

Kò pẹ́ lẹ́yìn náà, olùdarí fíìmù wá dúró lẹ́yìn àga obìnrin náà.

"Ẹ má bínú o. Ìṣubú yẹn la fẹ́ lò. Kò sí èyí tó jọ òótọ́ tó o."

"Òótọ́ ló kúkú jẹ́, sà."

Ọkùnrin náà wolẹ̀. "Tẹ́ ò bá lè ṣe é, màá gbé e fún ẹlòmíì."

Ẹlòmíì wo? Ẹni ọ̀rọ̀ ò kàn, tí yóò máa jẹ̀pà lórí ìṣubú ọmọ ìyá òun? Ó ní òun á ṣe é. Ó pa okùn tó já rẹ́. Ó gbé ojú gbajúmọ̀ òṣèré lé ojú àbúrò rẹ̀. Ibi kan wà tí ẹnu àbúrò là gbàgà. Ẹ̀gbọ́n wo ètè náà, ó sì mọ ohun tó ń pè: Màámi. Ó fi ẹnu ẹlòmíì bò ó. Kò sọ ọ́ fún ìyá wọn rí.

Nígbà tí fíìmù jáde, àbúrò yarí lórí ibùsùn pé àfi kí òun rí i. Ó wò ó, ó ní kí wọ́n dá a padà, ó tún un wò.

"Àǹtí mi, èmi dà níbẹ̀?"

"Gbogbo ara yẹn, ìwọ ni."

"Ara." Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀. "Èyí tí mi ò tún ní mọ́ yẹn." Ó kọjú sí ògiri.

Ó pẹ́ kí àbúrò tó tún bá a sọ̀rọ̀. Obìnrin náà kọ iṣẹ́ okùn sílẹ̀. Ìkùukùu àti èéfín ni wọ́n ń fún un yà sínú fíìmù báyìí. Bó bá ti ibi iṣẹ́ dé, yóò wọ yàrá àbúrò. Ìyá á di èjìká mú, òun á di ìbàdí, wọ́n á yí i sí ẹ̀gbẹ́ kejì kí egbò má bàa dá sí i lára.