Sányán Ìyá Ọkọ Mi

Ọmọ àgbẹ̀ ni mí. Iṣu ni wọ́n ń gbìn nílé wa ní Àgọ́-Àrẹ. Nígbà tí wọ́n gbé mi níyàwó wá sí Ìsẹ́yìn, kò tíì pẹ́ tí ogun abẹ́lé parí, n kò sì mọ̀ nípa aṣọ òfì ju èyí tí bàbá mi ń wọ̀ lọ sí yídì. Àárín àdúgbò tí wọ́n ti ń hun aṣọ láti ìgbà ìwáṣẹ̀ ni wọ́n wá fi mí sí. Kí ilẹ̀ tó mọ́ tán, ariwo òfì á ti gba gbogbo agboolé kan. Níbẹ̀rẹ̀, orí ló ń fọ́ mi. Nígbà tó yá, bí wọ́n bá dákẹ́ nítorí ìrun Jímọ̀, mi ò tún gbádùn ìdákẹ́jẹ́ náà mọ́.

Ìyàwó tuntun ni wọ́n ń rán níṣẹ́ jù nínú ilé, nítorí náà ẹsẹ̀ ni mo fi mọ àdúgbò náà. Mo mọ ilé àwọn aláró, àwọn obìnrin tí ọwọ́ wọn dúdú dé ìgúnpá, tí òórùn ìkòkò wọn máa ń pàdé ẹni lójú ọ̀nà. Mo mọ àwọn tó ń ṣe iṣẹ́ ọnà sọ́rùn agbádá lẹ́gbẹ̀ẹ́ mọ́sálásí, tí wọ́n ń fi abẹ́rẹ́ ṣiṣẹ́ tí ẹnu wọn ò sì sinmi. Bí mo bá pọn omi kọjá, wọn á ní, "Ìyàwó, ṣé wọ́n ń fún ọ ní iṣu jẹ níbí ṣá?" Èmi náà á ní iṣu Ìsẹ́yìn ò tó iṣu. Ẹnu mi ò dákẹ́ rí láyé.

Lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé wa gan-an ni Bàbá Oníkọfí wà. Ó ti pẹ́ ní Àbíjàǹ kó tó padà wálé, ohun tó sì mú bọ̀ kò ju agbada kan, asẹ́ aláṣọ kan, àti ọwọ́ tó mọ kọfí í ṣe. Tíì ni gbogbo ìlú ń mu lọ́dọ̀ àwọn Hausa nígbà náà, ṣùgbọ́n bàbá yìí ní omi ìfọfe ni tíì. Á yan èso kọfí títí á fi dúdú, á gún un lódó, á da omi gbígbóná lé e lórí, á sẹ́ ẹ sínú ife gíláàsì kékeré. Lẹ́yìn ìrun àsùbáà, kí àwọn ahunṣọ tó wọ inú òfì, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń jókòó lórí bẹ́ǹṣì, tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ ìjọba, ọ̀rọ̀ òwú tó wọ́n, àti ọ̀rọ̀ ìyàwó ẹni ẹlẹ́ni. Àwa obìnrin kì í jókòó síbẹ̀. Orí ògiri ló ti máa ń na tiwa sí wa, ife àkọ́kọ́ láràárọ̀ sì jẹ́ ti ìyá ọkọ mi, láìsí mílíìkì, nítorí Ìyá ní mílíìkì ń ba kọfí lẹ́nu jẹ́.

Ìyá ló ń ran sányán. Kòkòrò kan ló ń kọ́ ilé sára igi nínú igbó, ilé kòkòrò náà ni wọ́n ń ká wálé. Ìyá á sè é nínú omi eérú, á fọ̀ ọ́, á sá a, á wá fi ìrànwú ran án di òwú díẹ̀díẹ̀. Àwọ̀ rẹ̀ kì í ṣe àwọ̀ aró. Bí Ọlọ́run ṣe dá a ló ṣe pọ́n rúsúrúsú, òjò tàbí ọṣẹ kò sì lè mú un kúrò. Àwọn obìnrin yòókù ládùúgbò ti fi iṣẹ́ náà sílẹ̀ nítorí wàhálà rẹ̀. Ìyá nìkan ló kù, ó sì pinnu pé èmi lòun máa kọ́. Ní ọjọ́ àkọ́kọ́ tí mo di ìrànwú mú, òwú já, ó já, ó tún já. Ìyá rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Ó ní, "Ìyàwó, ṣé ebè lo fẹ́ kọ ni? Rọra."

Lágboolé wa, ẹni tó hun sányán kọ́ ló ń dúró fún un, ẹni tó ran òwú rẹ̀ ni. Bí wọ́n bá ń fi sányán sin ọmọbìnrin lọ sílé ọkọ, wọ́n á ká a, wọ́n á dì í, a kì í tú u wò títí ẹsẹ̀ ìyàwó á fi wọ ilé ọkọ. Ẹni tó ran òwú á gbé àtẹ́lẹwọ́ lé e lójú àwọn àna, á ní, "Ọwọ́ mi ló ran án. Bó bá ṣá, ẹ wá mi wá." Ìyá ti sọ ọ́ lórí aṣọ gbogbo àwọn ọmọbìnrin rẹ̀, kò sì sí ẹni tó wá a wá rí. Ó ku àbíkẹ́yìn. Àwa ìyàwó kì í pe orúkọ ẹni tí a bá nílé ọkọ, ìbáà jẹ́ ọmọ ọwọ́, nítorí náà Eyínfúnjowó ni mo sọ ọ́, nítorí ẹ̀rín rẹ̀. Èmi ni mo ń dirun fún un títí ó fi dàgbà.

Nígbà tí ọkọ Eyínfúnjowó fi wá tọrọ rẹ̀ láti Ìlérò, sányán ti di ohun àwátì. Àwọn àgbẹ̀ ti ń gé igi igbó lulẹ̀ láti fi yan tábà, àwọn tó sì máa ń bá Ìyá ká ilé kòkòrò wálé ń padà pẹ̀lú agbọ̀n òfìfo. Ìyá ran ìwọ̀nba tó rí. Ojú rẹ̀ ti ń ṣú, ó ń fi ọwọ́ wá ẹnu òwú kiri bí ẹni ń wá abẹ́rẹ́. Nígbà tí ọjọ́ yìgì kù fẹ́ẹ́fẹ́ẹ́, òwú ò tó. Ìyá ò lè jẹun.

Ọkọ mi, tí òun náà jẹ́ ahunṣọ, ní kó fi ọkàn balẹ̀. Ó ní òun gbọ́ pé sányán ṣì wà ní Ṣakí, òun á lọ wá a. Ó lọ lóòótọ́, ó padà dé, ó ní òun ti rí i, kíá ló sì ti gbé òwú náà sórí òfì kí Ìyá tó béèrè rẹ̀. Ó ní àkókò ò sí. Ó hun ún, ó rán àwọn abala rẹ̀ pọ̀ fúnra rẹ̀, ó ká a, ó dì í. Ọjọ́ yìgì ni Ìyá tó fọwọ́ kàn án, bí wọ́n ṣe ká a sílẹ̀. Ó ní, "Ọwọ́ mi ló ran án. Bó bá ṣá, ẹ wá mi wá." Ohùn rẹ̀ ròkè lọ́jọ́ náà, inú gbogbo wa sì dùn.

Òjò ló tú àṣírí. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, ọjọ́ Iléyá bọ́ sí ìgbà òjò, Eyínfúnjowó sì ró ìró sányán rẹ̀ lọ sí yídì láàárín àwọn ìyàwó ilé ọkọ rẹ̀. Òjò dé bá wọn lórí ìrun. Omi pupa bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàn láti ara ìró rẹ̀ sí ẹsẹ̀, sórí ẹní ìrun tó wà lábẹ́ rẹ̀. Kí wọ́n tó délé, abala kan pọ́n, abala kan funfun, bẹ́ẹ̀ ló lọ yí i ká. Wọ́n ní àwọn orogún ìyá ọkọ rẹ̀ rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi jókòó sílẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n ìyá ọkọ rẹ̀ ló mú Eyínfúnjowó wá sọ́dọ̀ wa, wọ́n sì gbé aṣọ náà dání. Àárọ̀ ni, bẹ́ǹṣì Bàbá Oníkọfí kún fọ́fọ́, ọkọ mi wà lórí òfì rẹ̀ lójú agboolé. Obìnrin náà kúnlẹ̀ kí Ìyá tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Ó wá ní, "Ẹ ní bó bá ṣá, ká wá yín wá. A ti dé o."

Ìyá gba aṣọ náà. Ó wá ojú ìrán kan tí omi ò tíì wọ̀ dáadáa, ó fa fọ́nrán òwú kan yọ níbẹ̀, ó yí i láàárín ìka, ó fi kan ahọ́n. Láràárọ̀ ló ń mu kọfí, kò sí bí kò ṣe ní í mọ̀ ọ́n. Ó gbójú sókè, ó wo ọmọ rẹ̀. Ọwọ́ ọkọ mi dúró lórí òfì, kò wo ìyá rẹ̀. Ibẹ̀ ni mo ti rántí pé ní nǹkan bí oṣù tí ó lọ sí Ṣakí, ó ń tọrọ gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ kọfí lọ́wọ́ Bàbá Oníkọfí, ó ní òun fẹ́ fi bo ìdí ata mi. Ata náà ò rí nǹkan kan gbà. Òwú funfun lásán ló fi kọfí pa láró. Bí ikú ilé ò bá pani, tòde ò lè pani.

Ìyá ní, "Èmi ni. Sányán ò tó, mo fi òwú kún un, mo sì fi kọfí pa á láró."

Gbogbo bẹ́ǹṣì kọjú sí wa. Mo dìde, mo ní, "Irọ́ ni!"

"Ìyàwó, jókòó."

"Ìyá, ẹ̀yin kọ́…"

"Mo ní kó o jókòó!" Kò pariwo mọ́ mi bẹ́ẹ̀ rí.

Eyínfúnjowó ń wo ìyá rẹ̀. Ó ní, "Ìyá, èmi lẹ ṣe báyìí fún?" Wọ́n fi aṣọ náà sílẹ̀ níwájú rẹ̀, wọ́n bá tiwọn lọ.

Nígbà tí mo bá Ìyá nínú yàrá, inú ń bí mi gan-an. Ó ní kí n ṣe sùúrù. Ó ní, "Òfì ni ọkọ ẹ fi ń jẹun. Bí wọ́n bá mọ̀ pé òun ni, ta ló tún máa gbé iṣẹ́ fún un? Kí ni àwọn ọmọ ẹ máa jẹ? Èmi ti jẹ tèmi." Ọkọ mi ò tọrọ àforíjì. Ó ní òun ṣe é kí ojú má baà ti Ìyá lọ́jọ́ yìgì ni. Ó lè jẹ́ òótọ́. Mi ò tíì dárí jì í.

Mo lọ sí Ìlérò láti la ọ̀rọ̀ náà yé Eyínfúnjowó. Ó gbọ́ mi tán, ó ní, "Ìyàwó wa, Ìyá ló rán ẹ pé kó o lọ tì í sí ẹ̀gbọ́n mi lọ́rùn, àbí?" Mo búra, kò gbà. Kò padà wá sílé wa mọ́ nígbà ayé ìyá rẹ̀. Bàbá Oníkọfí náà ò pẹ́ ládùúgbò. Àwọn ọmọ ìlú a máa bi í bóyá èyí tí wọ́n ń mu ló ń tà ni tàbí ti aṣọ, ó sì gbé agbada rẹ̀ kúrò lọ́dọ̀ wa.

Ohun tó dùn mí jù ni èyí tó kẹ́yìn. Nígbà tó pẹ́ díẹ̀, mo wá ilé kòkòrò náà rí nínú igbó Àgọ́-Àrẹ, mo gbé e wá fún Ìyá. Ó sè é, ó fọ̀ ọ́, ó sì tún gbé ìrànwú. Mo rò pé ara rẹ̀ ti ń yá. Lọ́jọ́ kan, obìnrin oníṣòwò kan wá láti Ìbàdàn, ó ń wá sányán gidi. Ìyá gbé òwú tuntun náà síwájú rẹ̀. Obìnrin náà gbà á, ó yẹ̀ ẹ́ wò, ó tutọ́ sí ìka, ó fi ra á. Ó wá gbé e sí imú, ó ń gbóòórùn rẹ̀.

Ìyá béèrè pé, "Kí ló ń run?"

"Kò run nǹkan kan, Ìyá. Ẹ má bínú, ẹ mọ ohun tí wọ́n ń sọ." Ó rọra gbé òwú náà padà sílẹ̀, ó dúpẹ́, ó lọ.

Ìyá ní, "Ìyàwó, ìgbálẹ̀ ẹ ti tú, gbé e wá." Mo gbé e fún un. Ó mú òwú sányán náà, ó ṣẹ́ ẹ lẹ́po, ó fi di ìdí ìgbálẹ̀ náà pinpin, ó nà án sí mi. Mo gbà á, mo fi gbá ojúlé, mo sì kọ ẹ̀yìn sí i kó má baà rí i pé mò ń sunkún.