Ọwọ́ Tó Kọ Fọ́ọ̀mù Abọ́sẹ̀dé

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ òṣìṣẹ́ tí ẹ máa ń bi mí nípa ìwọ́de tí a ṣe láti Bẹẹrẹ dé Màpó lọ́dún mẹ́ta sẹ́yìn, mo mọ̀ pé ìtàn akíkanjú lẹ fẹ́ gbọ́. Ẹ jẹ́ kí n tún un sọ fún yín bó ṣe rí gan-an.

Abọ́sẹ̀dé ni wọ́n lé lẹ́nu iṣẹ́. Èmi ni mo kọ́ ọ ní kílàásì karùn-ún. Nígbà tó dàgbà, ó gba ìwé ẹ̀rí olùkọ́, ṣùgbọ́n kò ríṣẹ́. Ìgbìmọ̀ ilé ẹ̀kọ́ wá ń wá agbálẹ̀, wọ́n ní ẹni tí ìwé rẹ̀ bá ju ti girama lọ kò gbọdọ̀ gba iṣẹ́ náà. Ó gbé fọ́ọ̀mù náà wá bá mi nílé ní Òkè Pádrè. Èmi ni akọ̀wé ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́, èmi náà ni mo sì máa ń bá gbogbo àdúgbò kọ irú ìwé bẹ́ẹ̀.

Ó ní, "Sà, ìwé ẹ̀rí olùkọ́ ńkọ́?"

"Fò ó," ni mo wí. "Ilẹ̀ gbígbá ò béèrè rẹ̀."

Lẹ́yìn ọdún méjì, àṣírí tú, wọ́n fún un ní ìwé gbélé-ẹ. Ẹgbẹ́ wa gba kóòtù lọ. Lọ́jọ́ ìwọ́de, alásè ilé ẹ̀kọ́ kan ń bi àwọn èrò pé ṣé ìdọ̀tí máa ń sá fún agbálẹ̀ tó bá mọ̀wé ni. Gbogbo Màpó rẹ́rìn-ín. Èmi ni mo ṣíwájú.

Agbẹjọ́rò wa ti sọ fún wa pé bí a bá lè fi hàn pé ẹnì kan ló ṣì í lọ́nà, iṣẹ́ rẹ̀ lè padà. N kò sọ fún un pé èmi ni. Ní kóòtù, agbẹjọ́rò ìgbìmọ̀ na fọ́ọ̀mù náà sí mi, ó bi mí bóyá mo mọ ẹni tó kọ ọ́. Ó ku oṣù mẹ́rin kí n fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ìgbìmọ̀ náà. Mo yọ awò ojú mi, mo nù ún, mo tún un wọ̀.

"N kò mọ̀ ọ́n."

Nígbà tí wọ́n bi Abọ́sẹ̀dé, ó ní òun lòun fọwọ́ sí i. Adájọ́ ní ó mọ̀ọ́mọ̀ fi ìwé ẹ̀rí pamọ́ ni, ó da ẹjọ́ wa nù.

Níta, ó sọ fún mi jẹ́ẹ́jẹ́ pé, "Sà, ìwé èsì ìdánwò mi tí ẹ fọwọ́ ara yín kọ ṣì wà lára ògiri nílé wa. Ta ni kò mọ ọwọ́ yín?" Ó kúnlẹ̀ kí mi kó tó lọ.

Lóòótọ́, ìgbìmọ̀ ti yọ òfin yẹn kúrò nínú fọ́ọ̀mù wọn, ẹ sì ń yìn mí fún un. Abọ́sẹ̀dé ń rán aṣọ ilé ẹ̀kọ́ ní Kúdẹtì fún àwọn ọmọ tó yẹ kó máa kọ́.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo kọ lẹ́tà sí ìgbìmọ̀ náà pé èmi ni mo ní kó fò ó, pé mo sì purọ́ ní kóòtù. Mo mú un lọ sí ṣọ́ọ̀bù Abọ́sẹ̀dé kó kọ́kọ́ kà á. Ó kà á dé ìsàlẹ̀, ó dá a padà fún mi.

"Ẹ ò tíì fọwọ́ sí i, sà."