Àwọn Òkú Tó Ń Rìn ní San Eladio

Ojo ni ẹ̀gbọ́n mi Honorata láti kékeré. Ó ń bẹ̀rù ààrá, ó ń bẹ̀rù ajá, ó sì ń bẹ̀rù ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́ tí òun fúnra rẹ̀ ti ń kọ́ àwọn ọmọ ní ìtàn. Síbẹ̀, ọdún mẹ́fà ló fi jókòó sẹ́yìn ṣọ́ọ̀ṣì, tó ń tú ìwé ìrìbọmi àti ìwé ìsìnkú tí àwọn àlùfáà Sípéènì fi sílẹ̀.

Ibẹ̀ ló ti rí i pé lọ́dún tí onígbáméjì jà, baálẹ̀ ìlú wa kọ orúkọ àgbẹ̀ mọ́kànlá tó wà láàyè mọ́ ti àwọn òkú, ó sì gba ilẹ̀ wọn. Lẹ́yìn ọdún mẹ́ta, àwọn "òkú" náà ṣì ń gbé ọmọ wá ṣe ìrìbọmi.

Ọmọ-ọmọ baálẹ̀ yìí ni olórí ìlú lọ́dún 1974, nígbà tí òfin ológun wà lóde, tí àwọn sójà ń kó àwọn òǹkọ̀wé nínú ilé wọn lọ sẹ́wọ̀n. Honorata sọ ohun tó rí fún olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kan. Kò pé ọ̀sẹ̀ kan tí jíìpù sójà fi dúró lẹ́nu ọ̀nà wa.

Ife kọfí bọ́ lọ́wọ́ Honorata, ó sì pè mí. "Puring, wọ́n ti dé. Gba ẹ̀yìn jáde."

"Kí n fi yín sílẹ̀ fún ta ni?"

Ìyá olórí ìlú ló wọlé, Lola Saturnina (“Lola” ni à ń pe ìyá àgbà), arúgbó tó ti lé lọ́gọ́rin ọdún. Sójà kan dúró sẹ́nu ọ̀nà.

"Ìwọ lo ní bàbá mi jalè?"

"Ẹ jọ̀ọ́, Màmá, ìwé ló sọ ọ́."

"Kà á fún mi. Ojú mi ò ríran mọ́."

Honorata ń ka orúkọ àwọn àgbẹ̀ náà lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó dé orí Macario Dimayacyac, ìyá náà gbọ́wọ́ sókè.

"Macario? Òun ló ń gbálẹ̀ àgbàlá wa. Òkú ni bàbá mi máa ń pè é. Àwa ọmọdé rò pé àwàdà ni."

Ìyá náà wá rẹ ohùn rẹ̀ sílẹ̀ kí sójà má bàa gbọ́.

"Ẹ̀rù ń bà ọ́?"

"Ó ń bà mí gan-an, Màmá."

"Ó yẹ kó bà ọ́. Mo mọ ọmọ tí mo bí. Lọ́la ni wọ́n ń bọ̀ wá mú ọ. Kí wọ́n má bá ọ nílé."

Ọkọ̀ ojú omi tó kọ́kọ́ gbéra láfẹ̀mọ́júmọ́ la bá lọ sí erékùṣù Mindoro. Ọdún kejìlá ni wọ́n tó tẹ ìwé tí Honorata kọ lórí ọ̀rọ̀ náà, tòun ti orúkọ mọ́kọ̀ọ̀kànlá. Wọ́n pe Honorata padà sí San Eladio ìlú wa kí wọ́n lè yẹ́ ẹ sí. Ó palẹ̀ ẹrù mọ́, ó dé èbúté, ẹ̀rù tún bà á, ó padà sílé wa ní Mindoro.