Ẹ̀jẹ̀ Ara Mi Ni Mo Pè Ní Ìdọ̀tí

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ fara balẹ̀ kí n sọ ohun tójú mi rí nígbà tí a gba ààwẹ̀ ọlọ́jọ́ mọ́kànlélógún ní ṣọ́ọ̀ṣì wa. Ẹ má fi mí rẹ́rìn-ín o!

Mo ní ulcer, ọgbẹ́ inú. Ó ti pẹ́. Ṣùgbọ́n èmi ni olórí akọrin, báwo ni mo ṣe máa jókòó ti oúnjẹ nígbà tí àwọn ọmọ ẹgbẹ́ mi ń gbààwẹ̀? Mo bá gbà á. Ẹ̀yìn tún ń ro mí, mo sì ń gbé oògùn ara ríro mì lórí inú òfìfo.

Nígbà tó di ọjọ́ kẹwàá, ìgbẹ́ mi dúdú, ó ń lẹ̀ bíi kóótà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ dà sójú títì. Kí lẹ rò pé mo ṣe? Mo dúpẹ́! Arábìnrin tí a jọ ń gbàdúrà sọ pé ìdọ̀tí àtọjọ́ pípẹ́ ló ń jáde yẹn, kí n má ṣe já ààwẹ̀ rárá.

Lọ́jọ́ kẹrin tí ìgbẹ́ ti ń dúdú, Ìyá Sàídì, aládùúgbò wa ní Joju tó ń ránṣọ, rí mi níbi tí mo ti di ògiri mú.

Ó ní, "Ìyá Tóbi, kí ló dé tí àtẹ́lẹwọ́ ẹ funfun báyìí? Àwa Mùsùlùmí náà ń gbààwẹ̀ o! Ṣùgbọ́n ẹni tára ẹ̀ ò yá máa jẹun ni, tó bá yá tán á san án padà."

Kí n tó fèsì, mo ti ṣubú lulẹ̀. Òun àti ọkọ rẹ̀ ló gbé mi dé ọsibítù.

Nígbà tí ojú mi wálẹ̀, dókítà ya àpò oúnjẹ tó wà nínú ikùn sórí ìwé fún mi. Ó ya àwọn iṣan tó ń gbé ẹ̀jẹ̀ wá fún un, lọ́tùn-ún lósì, tí wọ́n yí i ká tí wọ́n sì pàdé ara wọn. Ó wá fa ìlà iṣan kan gba ẹ̀yìn ibi tí àpò náà ti já sínú ìfun. Ó ní ibẹ̀ ni ọgbẹ́ mi wà, oògùn ara ríro tí mo ń lò lórí inú òfìfo ló jẹ́ kó jẹ wọnú iṣan yẹn. Ẹ̀jẹ̀ tó bá sì gba inú ìfun kọjá, dúdú ló máa ń jáde.

Mo sunkún. Odindi ọjọ́ mẹ́rin ni mo fi ń dúpẹ́ nítorí ẹ̀jẹ̀ ara mi! Wọ́n rí ojú iṣan náà dí, wọ́n fa ẹ̀jẹ̀ sí mi lára, Bàbá Sàídì sì fún mi nínú tiẹ̀.

Arábìnrin tó ní kí n má já ààwẹ̀ wá kí mi. Mo ti múra láti bínú, àmọ́ bí mo ṣe ń ṣàlàyé fún un, ó bú sẹ́kún. Oògùn ara ríro kan náà lòun náà ń lò, ìgbẹ́ tiẹ̀ náà sì ti dúdú láti àárọ̀ àná! Mi ò jẹ́ kó padà sílé. Mo ké sí dókítà láti orí bẹ́ẹ̀dì mi.

Ẹ jọ̀ọ́, Ọlọ́run mọ̀ pé ara ò yá yín, kò ní kà á sí ẹ̀ṣẹ̀ fún yín bí ẹ bá jẹun. Bí ìgbẹ́ bá dúdú bẹ́ẹ̀, ẹ sáré lọ sí ọsibítù. Ṣé ó ti ṣe ẹnikẹ́ni rí láàrin yín? Ẹ sọ ọ́ síbí, ẹ má tijú. Ẹlòmíì ń dúpẹ́ lọ́wọ́ báyìí nítorí ẹ̀jẹ̀ ara rẹ̀.