Àsè Ẹ̀rín Shandiin

Láàárín àwa ẹ̀yà Navajo, ẹni tó bá kọ́kọ́ pa ọmọ ọwọ́ lẹ́rìn-ín ni yóò se àsè fún ẹbí. Nítorí náà, nígbà tí ẹ̀rín Shandiin, ọmọ jòjòló ilé, kù sí dẹ̀dẹ̀, ńṣe ni gbogbo ará ilé ń fajú ro níwájú ọmọ náà bí adájọ́.

Lavina Bitsui, ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ fíìmù yíyà, kò rí tèyí rò. Ó ti ya òkè Lukachukai, ó ti ya agbo àgùntàn àti òfì ìyá àgbà rẹ̀, Glenabah. Ìtàn tó kù sẹ́nu ìyá náà nìkan ni ọkàn fíìmù ọ̀hún. Bí kò bá sọ ọ́, òfo ni iṣẹ́ ọdún méjì.

“Ẹ jọ̀ọ́, Ìyá àgbà, báwo ni ìyá yín ṣe da àgùntàn la yìnyín kọjá?”

“Ta ni kí n sọ ọ́ fún?”

“Kámẹ́rà yìí ni.”

“Ọmọ ìdílé wo ni? Ta ló bí i? Mi ò mọ̀ ọ́n rí.”

Bí wọ́n ti ń fa ọ̀rọ̀ yìí lọ́wọ́, àgbò kan rí àwòrán ara rẹ̀ nínú dígí kámẹ́rà, ó rò pé àgbò mìíràn ni, ó sì forí lé e. Lavina gbé kámẹ́rà, ó fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ. Àgbò gbá tẹ̀ lé e, títí Lavina fi jókòó wọ̀ọ̀ sínú ọpọ́n omi ẹran, tòun ti kámẹ́rà tó nà sókè lórí.

Lábẹ́ igi, Shandiin bú sẹ́rìn-ín: “Kè-kè-kè!”

Emerson, bàbá ọmọ, fò sókè. “Lavina, àbúrò mi, o kú oríire! Ìgbà wo là ń jẹun?”

“Àgbò ló pa á lẹ́rìn-ín, kì í ṣe èmi!”

“Kí àgbò wá dín búrẹ́dì àsè, àbí?”

Lavina se àsè náà, ó sì se é dáadáa. Ó gbé kámẹ́rà kalẹ̀ ní igun ilé kí ọmọ lè rí ọjọ́ ayọ̀ rẹ̀ tó bá dàgbà. Ti ìtàn, ó ti gba kámú. Lẹ́yìn náà, ó gbé Shandiin lé itan, ó di ọwọ́ rẹ̀ mú, ọmọ sì ń fún àlejò kọ̀ọ̀kan ní iyọ̀, kí ó má baà di ahun láyé.

Ó kan Glenabah. Ìyá náà tọ́ iyọ̀ lá, ó rẹ́rìn-ín músẹ́.

“O fún mi kí n tó bèèrè, ọmọ mi. Kí ni tèmi tí n ó fún ọ? Fetí sílẹ̀. Lọ́dún tí yìnyín bo ilẹ̀ dé orókún, ìyá mi da àgùntàn…”

Lavina kò lè dìde; ọmọ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó yọjú wo igun ilé: iná pupa kámẹ́rà ń tàn. Omijé ayọ̀ bọ́ sínú àwo iyọ̀.

Nígbà tí ìtàn parí, Glenabah bu iyọ̀ díẹ̀, ó kọjú sí igun.

“Ìwọ olójú kan, o ò tíì jẹ nǹkan.”

“Ìyá àgbà, ẹ má ṣe é! Iyọ̀ á bà á jẹ́!”

“Kì í jẹ iyọ̀? Abájọ tí kò fi ní ẹbí!”

Shandiin tún bú sẹ́rìn-ín. Kò sẹ́ni tó tún ní láti se àsè ti ọ̀tẹ̀ yìí.